Ṣùkù Lásán Ni

Ẹ̀yin akẹgbẹ́ mi, ẹ bá mi dá ẹjọ́ kan. Bí èèyàn bá jí igi ìdáná mẹ́ta, tó sì wá dá igi mẹ́ta padà, ṣé ó ti san gbogbo gbèsè tó jẹ? Ẹ má tíì dáhùn. Ẹ jẹ́ kí n rò ó fún yín ná, torí èmi gan-an ni olè ọ̀hún.

Ilé ìyá àgbà mi wà ní Beyerunka, láàárín Ìbàdàn àtijọ́, níbi tí òrùlé páànù tó ti dípẹtà ti kanra wọn débi pé ó máa ń dà bíi pé ilé kan ṣoṣo ni gbogbo àdúgbò. Kò jìnnà sí Ọjà'ba. Ìyá kan ń gbé lọ́kàn-ánkán wa, Ìyá Ẹlẹ́kọ ni gbogbo wa ń pè wọ́n. Ẹ̀kọ tí wọ́n fi ewé pọ́n ni wọ́n ń tà láràárọ̀. Ẹni tó ń se ẹ̀kọ ò lè ṣe kó má nígi, yàrá kan ṣoṣo tí wọ́n sì ní ò gba igi. Ìta gbangba, lẹ́bàá ògiri, ni wọ́n ń to igi wọn sí. Wọn ò fi ṣéènì dè é, wọn ò gba ọdẹ. Okùn tẹ́ẹ́rẹ́ kan ni wọ́n so mọ́ igi tó wà lókè, wọ́n wá fi ṣùkù àgbàdo kan, ìkarahun ìgbín kan àti àkísà pupa kan kọ́ ọ. Ó parí. Igi á sun ìta mọ́jú, á sì pé.

Ààlè nìyẹn. Ẹni tí wọ́n tọ́ dàgbà ní ẹ̀síteètì lè má mọ̀ ọ́n, nítorí náà ẹ jẹ́ kí n là á. Ẹni tó bá ní ohun tí kò lè dúró ṣọ́, ì báà jẹ́ igi, yanrìn, búlọ́ọ̀kù tàbí èso inú oko, á wá nǹkan kan kọ́ sí i lára kí ọlọ́wọ́ kíkó má bàa fọwọ́ kàn án. Nǹkan náà lè jẹ́ bàtà tó ti gbó, ìgbálẹ̀ tó ti jẹ tán, ìyarun tó ti kán, màrìwò, tàbí ṣùkù bíi ti Ìyá Ẹlẹ́kọ. Ẹni tó bá rí bàtà gbígbó yẹn gbọ́dọ̀ gbọ́ ohun tó ń sọ: bí a ṣe wọ bàtà gbó tí a sọ ọ́ nù, bẹ́ẹ̀ ni ayé olè ṣe máa rí. Ṣùkù ò lọ́mọ lára mọ́. Ìkarahun ò ní ẹni tó ń gbé inú rẹ̀ mọ́. Nǹkan kan ló pa gbogbo wọn pọ̀: kò sí èyí tó níye lórí. Ohun tí èèyàn lè jí ló wà nísàlẹ̀, ohun tí ẹnikẹ́ni ò ní jí ló ń ṣọ́ ọ.

Nígbà tí mo wà lọ́mọ ọdún mẹ́wàá, èrò méjì ni mo gbọ́ nípa ààlè yẹn. Ìyá àgbà mi ní agbára wà nínú ṣùkù náà, pé ẹni tó bá fọwọ́ kàn án, ikùn rẹ̀ á wú. Ọ̀rẹ́ mi kan tó fi ọdún méjì jù mí lọ bú sẹ́rìn-ín. Ó ní, "Ṣùkù wo? Ṣùkù lásán ni." Mo gba ti ọ̀rẹ́ mi gbọ́, torí ebi gúgúrú ń pa wá. Lọ́sàn-án ọjọ́ kan tí àdúgbò dá, a fa igi mẹ́ta yọ lábẹ́ okùn yẹn, a rọra fà á kí ìkarahun má bàa dún. Ìyá alákàrà kan ní Bẹẹrẹ ló rà á lọ́wọ́ wa. Owó gúgúrú àti ẹ̀pà ló jẹ́, a sì jẹ ẹ́ tán kí á tó délé.

Lálẹ́ ọjọ́ yẹn, mo ń fọwọ́ wọ́ ikùn mi lábẹ́ aṣọ ìbora. Kò wú. Ọjọ́ kejì, kò wú. Lọ́jọ́ kẹta, mo gbà pé ọ̀rẹ́ mi lóòótọ́. Ṣùkù lásán ni.

Ọjọ́ kẹrin ni mo rí ohun tí mi ò retí. Ìyá Ẹlẹ́kọ dúró níwájú igi wọn, wọ́n wò ó títí. Wọn ò pariwo. Wọn ò gégùn-ún. Wọ́n tú okùn yẹn, wọ́n ká ṣùkù, ìkarahun àti àkísà pọ̀, wọ́n sọ wọ́n sórí ààtàn. Nírọ̀lẹ́ ọjọ́ yẹn, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í kó igi wọlé, méjì méjì, mẹ́ta mẹ́ta, sínú ọ̀dẹ̀dẹ̀ tóóró tí àwọn ará ilé ń gbà kọjá. Nígbà tó di ìdájí, wọ́n tún kó o jáde kí àwọn èèyàn lè ríbi gbà. Orúnkún ń dùn wọ́n. Gbogbo wa la mọ̀. Bí wọ́n ṣe ń ṣe é nìyẹn lójoojúmọ́. Lọ́sẹ̀ kejì, wọ́n rí mi níbi tí mo ti ń wò wọ́n, wọ́n ní, "Ìwọ ọmọ yìí, wá bá mi gbé igi." Mo lọ. Láti ọjọ́ náà, èmi ni mò ń bá wọn kó o wọlé ní alaalẹ́, fún bí ọdún méjì, kí n tó lọ sílé ẹ̀kọ́ tó ní ilé gbígbé. Ẹ̀kọ gbígbóná méjì ni owó iṣẹ́ mi. N ò lè sọ fún yín bí ẹ̀kọ yẹn ṣe máa ń há mi lọ́fun.

Ìgbà tí mo dé yunifásítì ni mo rí orúkọ fún ohun tó ń dà mí láàmú. Lẹ́kíṣọ̀ kan ni, nípa ìbéèrè kan tí àwọn onímọ̀ ti ń jà lé lórí tipẹ́. A ní "ìgbín". Ìgbín yìí ń rà, ìgbín tọ̀hún ń rà, a lè ka gbogbo wọn sínú agbọ̀n. Àmọ́ èwo nínú wọn ni "ìgbín" gan-an, èyí tí orúkọ yẹn ń pè láì ya ọ̀kan sọ́tọ̀? Plato ní ó wà lóòótọ́, pé ó wà níbì kan tí ojú ò lè rí, àti pé òjìji rẹ̀ ni àwọn ìgbín tí à ń rí. Lẹ́yìn ọ̀pọ̀ ọdún, ọkùnrin kan nílẹ̀ Faransé tó ń jẹ́ Roscelin ní kò sóhun tó jọ ọ́, pé atẹ́gùn tó jáde lẹ́nu lásán ni orúkọ bẹ́ẹ̀. Ọ̀kan nínú àwọn akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀, Peter Abelard, tó gbé ayé láti 1079 sí 1142, bá a jiyàn. Tirẹ̀ ni pé kì í ṣe ohun kan tó dá dúró lóde ọ̀run, kì í sì í ṣe ariwo ẹnu lásán. Ìtumọ̀ ni, èyí tí ọkàn wa ṣà jọ láti ara ohun tí àwọn ìgbín fi jọra. Àwọn tó kọ ìtàn ìmọ̀ máa ń ka Abelard mọ́ àwọn tí wọ́n ń pe ẹ̀kọ́ wọn ní conceptualism. Ẹ jẹ́ kí n máa pè é ní ẹ̀kọ́ èrò-inú.

Mo jókòó sínú gbọ̀ngàn lẹ́kíṣọ̀ yẹn, Beyerunka ni mo ń rí. Ìyá àgbà mi sún mọ́ Plato: ohun gidi kan wà tí ojú ò rí, ó sì ń ṣiṣẹ́. Ọ̀rẹ́ mi ni Roscelin, lásán ni. Mo mọ̀ pé ìfiwéra yìí ò ṣe régí. Àmọ́ Ìyá Ẹlẹ́kọ ńkọ́, tí wọn ò sọ pé ikùn ẹnikẹ́ni á wú, tí wọn ò sì sọ pé lásán ni, ṣùgbọ́n tí wọ́n tú ààlè náà kúrò lọ́jọ́ tí wọ́n rí i pé kò ṣiṣẹ́ mọ́?

Àwọn oníṣẹ́ ọnà náà gbé ọ̀rọ̀ yìí yẹ̀ wò, tiwọn tilẹ̀ le ju ti àwọn onímọ̀ lọ. Ní 1917, ní New York, Marcel Duchamp ra àwo ìtọ̀ kan, irú èyí tí wọ́n ń kàn mọ́ ògiri ilé ìtọ̀ ọkùnrin. Ó dá a dùbúlẹ̀, ó kọ orúkọ tí kì í ṣe tirẹ̀ sí i lára, R. Mutt, ó pè é ní Fountain, ó sì fi í ránṣẹ́ sí ìpàtẹ ẹgbẹ́ kan tó ti ní ẹnikẹ́ni tó bá sanwó lè gbé iṣẹ́ rẹ̀ wá. Wọn ò jẹ́ kí aráàlú rí i. Ní 1967, ará Amẹ́ríkà kan, Sol LeWitt, kọ ọ́ sínú ìwé ìròyìn Artforum pé irú iṣẹ́ ọnà kan wà tó jẹ́ pé èrò ni olórí nínú rẹ̀. Ó máa ń kọ ìlànà àwòrán ara ògiri sílẹ̀, kí àwọn ẹlòmíì sì lọ yà á.

Èyí tó yé mi jù ni ti Joseph Kosuth. Ní 1965, ó gbé àga kan kalẹ̀, ó gbé fọ́tò àga náà sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, ó sì lẹ ìtumọ̀ "àga" láti inú ìwé atúmọ̀ èdè mọ́ ògiri. Èwo ni àga nínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta? Ẹ má jẹ́ kó jọ yín lójú. Àwa náà nírú rẹ̀ nílé. Gbọ̀ngàn Mapo tí wọ́n ṣí ní 1929 wà lórí òkè, tòun tòpó rẹ̀. Àwọn aláró Ìbàdàn ya òpó yẹn sára àdìrẹ, wọ́n fi ṣíbí sáàárín rẹ̀, wọ́n pe aṣọ náà ní Ìbàdàn dùn. Awakọ̀ Micra sì ń ké ní Bẹẹrẹ pé, "Mapo, Mapo, Ọjà'ba!" Òkúta lórí òkè, ẹ̀kọ lára aṣọ, ariwo lẹ́nu awakọ̀. Mapo mẹ́ta nìyẹn, ọ̀kan náà sì ni. Ohun tó sọ wọ́n di ọ̀kan ò sí nínú òkúta, kò sí nínú aṣọ. Ọ̀dọ̀ wa ló wà.

Nígbà tí mo sọ èyí fún yàrámi kan ní họ́sítẹ́ẹ̀lì, ó ní gbájúẹ̀ ni gbogbo wọn. Ó ní bí èrò bá ti tó láti sọ nǹkan di iṣẹ́ ọnà, òun náà á gbé bọ́kẹ́ẹ̀tì òun lọ síta láàárọ̀ ọ̀la, òun á ní kí wọ́n wá fi mílíọ̀nù rà á. Ọ̀rọ̀ rẹ̀ kì í ṣe ọ̀rọ̀ àwàdà. Bí ṣùkù bá lè sọ pé "má fọwọ́ kàn án" kìkì torí pé ẹnì kan ní ó sọ bẹ́ẹ̀, kí ló dí mi lọ́wọ́ tí n ò fi lọ gbé ààlè lé igi ẹlòmíì kí n sọ pé tèmi ni? Ẹ wo ara ògiri àwọn ilé àtijọ́ nílùú wa, níbi tí àwọn ọmọ olóògbé ti fi ọ̀dà pupa kọ ọ́ gàdàgbà pé ilé yìí kì í ṣe títà, kí ará ìlú ṣọ́ra fún gbájúẹ̀. Ààlè òde òní nìyẹn. Ẹni tó ni ín lè kọ ọ́. Ẹni tó ń du ilé olóhun mọ́ ọn lọ́wọ́ náà lè kọ ọ́, ọ̀dà kan náà ni wọ́n á rà.

Ìdáhùn mi rèé. Ààlè kò dá wà. Igi wà lábẹ́ rẹ̀. Lábẹ́ igi, òórùn iṣẹ́ ẹnì kan wà níbẹ̀: wọ́n ta ẹ̀kọ kí wọ́n tó rówó igi, wọ́n sì ń dá igi kí wọ́n tó rí ẹ̀kọ tà. Èrò tí kò sí nǹkan kan lábẹ́ rẹ̀ ni yàrámi ń bá jà, ó sì tọ̀nà láti bá a jà. Bó bá jẹ́ pé àwo ìtọ̀ nìkan ni Duchamp gbé kalẹ̀, ẹ̀rín ni à bá rín sí i ká lọ. Ohun tó wà lábẹ́ tirẹ̀ ni ìbéèrè kan tí ẹgbẹ́ yẹn ò fẹ́ dáhùn: ẹ ní ẹnikẹ́ni, ṣé lóòótọ́ lẹ sọ ọ́? Nítorí náà, bí ẹnì kan bá gbé ohun tí kò níye lórí síwájú rẹ, tó ní èrò ni kó o wò, ohun àkọ́kọ́ tó yẹ kó o bi í ni pé, "Kí ló wà lábẹ́ rẹ̀? Kí ni ìwọ fúnra rẹ máa pàdánù bí mi ò bá gbà á?"

Ṣùgbọ́n ibi tí èmi àti ẹ̀kọ́ èrò-inú ti pínyà díẹ̀ nìyí. Wọ́n ní inú ọkàn ni ìtumọ̀ ń gbé. Ó dáa, ọkàn ta? Lọ́jọ́ tí mo jí igi, ṣùkù ò kúrò níbi tó wà. Ọ̀rọ̀ náà "ààlè" ò kúrò nínú èdè Yorùbá. Èrò ọkàn Ìyá Ẹlẹ́kọ ò yí padà: ohun tí wọ́n ní lọ́kàn nígbà tí wọ́n ń so okùn náà ṣì ni wọ́n ní lọ́kàn. Síbẹ̀ ààlè náà wó. Ẹ wá wo òdìkejì rẹ̀. Àwo ìtọ̀ tí Duchamp rà ní 1917 sọnù láìpẹ́ lẹ́yìn ìgbà náà. Fọ́tò rẹ̀ ló kù, àwọn tó wà ní mùsíọ́mù báyìí, wọ́n ṣe wọ́n lẹ́yìn náà ni. Nǹkan náà sọnù, iṣẹ́ náà dúró. Ti Beyerunka, nǹkan náà dúró, iṣẹ́ náà wó. Ohun tó gbé ọ̀kan ró, tó sì bi èkejì wó, kò lè jẹ́ ohun inú orí ẹnì kan ṣoṣo. Àárín èèyàn ló wà. Ó wà láàárín ẹni tó so ó àti ẹni tó ń kọjá lọ.

Àwọn àgbà ti sọ ọ́ ṣáájú mi: ààbọ̀ ọ̀rọ̀ là á sọ fún ọmọlúwàbí, bó bá dénú rẹ̀ a di odidi. Ààlè, ààbọ̀ ọ̀rọ̀ ni. Ẹni tó so ó sọ ìdajì, ó fi ìdajì tó kù sílẹ̀ fún ẹni tó bá kọjá. Ìyẹn ló fi yàtọ̀ sí àgádágodo. Àgádágodo ò bi ọ́ ní ìwà rẹ. Bó o jẹ́ olè, bó o jẹ́ ọmọlúwàbí, ọwọ́ rẹ ló ń dí. Ààlè ń bá ọ sọ̀rọ̀ bí èèyàn. Ó gbà pé ẹnì kan wà nínú rẹ tó máa parí gbólóhùn náà. Ẹ̀rù wà nínú rẹ̀ o, mi ò ní purọ́. Ìyá àgbà mi ò bá mi ṣeré nígbà tí wọ́n ní ikùn á wú. Àmọ́ ẹ̀rù nìkan kọ́. Ẹ̀rù ò bà mí mọ́ lọ́jọ́ kẹta, ojú ló wá ń tì mí lọ́jọ́ kẹrin, ìtìjú yẹn ò sì tíì tán.

Nítorí náà, igi mẹ́ta kọ́ ni mo jí. Bó bá jẹ́ igi ni, owó gúgúrú ni. Ohun tí mo jí ni agbára tí Ìyá Ẹlẹ́kọ ní láti fi igi wọn sílẹ̀ níta kí wọ́n sì lọ sùn. Mo gbé orúnkún wọn tó ń dùn wọ́n lé wọn lọ́wọ́ lójoojúmọ́. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ yí ojú yín sí họ́sítẹ́ẹ̀lì tiwa. Ẹ wo ṣéènì tí wọ́n fi de sítóòfù, orúkọ tí wọ́n fi ọ̀dà kọ sára bọ́kẹ́ẹ̀tì, irin tó wà lójú fèrèsé. Ẹnì kan ló kọ́kọ́ jí aṣọ lórí okùn, ó sì rò pé aṣọ kan lòun mú. Gbogbo wa la ń kó igi wọlé lálẹ́ báyìí, tí à ń kó o jáde láàárọ̀.

Nígbà tí mo wọlé yunifásítì, mo lọ kí Ìyá Ẹlẹ́kọ. Wọn ò se ẹ̀kọ mọ́, wọ́n jókòó sẹ́nu ọ̀nà. Mo kúnlẹ̀, mo jẹ́wọ́. Mo ní, "Ẹ̀yin màmá, èmi ni mo jí igi yín lọ́jọ́sí. Mẹ́ta ni." Mo ti gbé owó igi mẹ́ta lọ́wọ́, mo tilẹ̀ lé e díẹ̀. Wọ́n wo owó náà, wọn ò gbà á.

Wọ́n ní, "Mo mọ̀."

Mo ní, "Ẹ mọ̀, mà?"

"Alákàrà tẹ́ ẹ tà á fún, oníbàárà mi ni. Mo mọ̀ lọ́jọ́ kẹrin. Ta lo rò pé mo fi ń ṣọ́ igi náà láti ìgbà yẹn?"

Mi ò rí nǹkan kan sọ. Ọdún méjì gbáko, gbogbo alaalẹ́, mo rò pé mò ń fi iṣẹ́ yẹn san gbèsè tí wọn ò mọ̀ nípa rẹ̀. Wọ́n mọ̀. Wọ́n ti sọ ṣùkù nù, wọ́n sì ti wá ohun mìíràn kọ́ sára igi wọn. Lóòótọ́ ni pé láti ìgbà tí mo ti ń bá wọn gbé e, ọmọ kankan ò jẹ́ fọwọ́ kàn án lójú mi.

Ẹjọ́ náà rèé o, ẹ̀yin akẹgbẹ́ mi. Owó náà ṣì wà lọ́wọ́ mi. Ẹ sọ fún mi ẹni tí mo jẹ.